Láti ojú agbo dé ojú fóònù: ta ló ń gba owó eré ní orílẹ̀-èdè Benin?

Lóṣù kìn-ín-ní ọdọọdún, ìsinmi máa ń wà ní orílẹ̀-èdè Benin tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún ẹ̀sìn Vodun. Láti 2024 tí ìjọba ti sọ ọ́ di ayẹyẹ ńlá tí wọ́n ń pè ní Vodun Days ní ìlú Ouidah, kì í pẹ́ kí fídíò rẹ̀ tó gba orí fóònù kan: Zangbẹtọ, agọ̀ olùṣọ́ òru, tó ń pòòyì, eégún tó ń gbá aṣọ kiri láàrin èrò, olórin tó dúró lórí pèpéle létí òkun. Bí fídíò bá ṣe ń tàn ni àríyànjiyàn ń tẹ̀ lé e. Àwọn kan ní íntánẹ́ẹ̀tì ló gba àṣà là. Àwọn míì ní òun gan-an ló ń pa á.

Àlàyé yìí kò jókòó láti dá ẹjọ́ náà. Ó fẹ́ tú u palẹ̀ ni. Púpọ̀ nínú ohun tí wọ́n ń jà lé lórí lábẹ́ orúkọ àṣà, ọ̀rọ̀ owó àti ọ̀rọ̀ òfin ló wà nídìí rẹ̀, bí orílẹ̀-èdè náà ṣe kéré sì kó ipa tó pọ̀ ju bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ lọ.

Báwo ni kíkéré orílẹ̀-èdè ṣe kan ọ̀rọ̀ eré?

Nígbà tí wọ́n ka àwọn èèyàn Benin ní 2013, 10,008,749 ni wọ́n kà. Ìṣirò tó ń jáde láti ìgbà náà ti gbé e sí nǹkan bíi mílíọ̀nù 14. Ó lé ní ìdajì wọn tí kò tíì pé 20 ọdún. Èdè Faransé ni wọ́n fi ń ṣe ìjọba, òun náà ni wọ́n fi ń kọ́ ọmọ nílé ìwé, ṣùgbọ́n bí eré bá máa dùn, Fọ̀n ni, Yorùbá ni, Gùn ni, Ajá ni, Bàríbá ni, Dendi ni.

Ẹni tó ń lu zinli níbi òkú àgbà ní Abomey kò nílò mílíọ̀nù èèyàn. Agbo kan ti tó o. Àwọn tó pè é á gbọ́únjẹ fún un, wọ́n á gbé ọtí síwájú rẹ̀, àwọn tí inú wọn bá dùn á lẹ owó mọ́ ọn níwájú orí, owó ọ̀hún á sì délé pẹ̀lú rẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ náà. Ti íntánẹ́ẹ̀tì kò rí bẹ́ẹ̀. Níbẹ̀, owó tí òǹwòran kan ń mú wá kò tó nǹkan rárá, àfi kí àwọn òǹwòran pọ̀ bí eṣú kí ó tó di owó tí èèyàn lè fi jẹun. Èdè tí àwọn tó ń sọ ọ́ kò ju mílíọ̀nù mélòó kan lọ ti wà lẹ́yìn kí eré tó bẹ̀rẹ̀. Ohun tó yẹ kéèyàn ní lọ́kàn nìyí bó bá ń gbọ́ ìyókù ọ̀rọ̀ yìí.

Ṣé ìgbà tí fóònù dé ni àyípadà yìí bẹ̀rẹ̀?

Rárá o. Ọdún 1953 ni rédíò bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Dahomey, orúkọ tí wọ́n ń pe ilẹ̀ náà nígbà yẹn. Tẹlifíṣọ̀n ìjọba dé ní 1978, nígbà ayé ìjọba Mathieu Kérékou. Rédíò àti kásẹ́ẹ̀tì ló kọ́kọ́ gbé ìlù kúrò lágbo. Zinli tó jẹ́ ìlù òkú, olórin Alèkpéhanhou tún un ṣe, ó sì gbé e sórí kásẹ́ẹ̀tì. Ìlù tchinkoumè ti agbègbè Savalou, Tohon Stan sọ ọ́ di tchink system tí wọ́n ń jó sí nílé ijó ní Kútọnu. Sagbohan Danialou ti Àjàṣẹ́, ìlú tí àwọn Faransé ń pè ní Porto-Novo, ṣe bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú ìlù ìbílẹ̀ àdúgbò tirẹ̀. Nítorí náà, ẹni tó bá ní orin àbáláyé wà ní mímọ́ títí TikTok fi dé, ìtàn kò gbè é lẹ́yìn.

Sinimá ní tirẹ̀ dìde, ó sì wó. Benin kò kẹ́yìn nínú iṣẹ́ náà: Àjàṣẹ́ ni wọ́n bí Paulin Soumanou Vieyra sí ní 1925, ó sì wà lára àwọn ọmọ Áfíríkà tó kọ́kọ́ ṣe fíìmù. Ṣùgbọ́n gbọ̀ngàn tí àwọn èèyàn ti ń wo fíìmù Íńdíà àti fíìmù ìjà àwọn ará Ṣáínà bẹ̀rẹ̀ sí í kógbá sílé. Àwọn kan di ṣọ́ọ̀ṣì, àwọn míì di ilé ìkẹ́rùsí. Kì í ṣe íntánẹ́ẹ̀tì ló pa wọ́n, torí kò tíì dé ọwọ́ aráàlú nígbà náà. Kásẹ́ẹ̀tì fídíò ni, àti fíìmù Yorùbá pẹ̀lú ti Íbò tó ń gba Sèmè wọlé láti Èkó, tí wọ́n ń wò nínú ilé fídíò kéékèèké fún owó tí kò tó nǹkan. Ìgbà tó yá, ilé iṣẹ́ Vivendi ti Faransé kọ́ gbọ̀ngàn tuntun tí wọ́n ń pè ní CanalOlympia sí Kútọnu àti Lomé, ṣùgbọ́n gbọ̀ngàn kan péré nínú ìlú ńlá kò lè dá àṣà wíwo sinimá padà sí àdúgbò.

Àyípadà míì wá látinú òṣèlú. Lẹ́yìn àpérò gbogbo ìlú ti oṣù kejì 1990, tí ìjọba ẹgbẹ́ kan ṣoṣo kógbá sílé, ó di 1997 kí òfin tó jẹ́ kí aládàáni dá rédíò àti tẹlifíṣọ̀n sílẹ̀. Ọdún náà ni rédíò Golfe FM àti tẹlifíṣọ̀n LC2 jáde. Láti ìgbà náà ni olórin ti ní ju ẹnu ọ̀nà kan lọ tó lè kàn.

Ṣé tẹlifíṣọ̀n díjítà àti íntánẹ́ẹ̀tì kì í ṣe ohun kan náà?

Ibí ni ọ̀rọ̀ ti máa ń dàrú jù, nítorí ọ̀rọ̀ Faransé kan ṣoṣo, numérique, ni wọ́n fi ń pe méjèèjì.

Èkíní ni TNT, ìyẹn tẹlifíṣọ̀n díjítà tó ń gba orí áńtẹ́nà. Kì í jẹ dátà. Ohun tó ń béèrè ni dẹkódà tí wọ́n máa so mọ́ tẹlifíṣọ̀n. Àdéhùn tí àwọn orílẹ̀-èdè ṣe ní Geneva ní 2006 ló ní kí wọ́n kúrò lórí ọ̀nà àtijọ́ ó pẹ́ tán ní 17 oṣù kẹfà 2015. Ọjọ́ náà pé, ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà kò tíì ṣe tán. Nàìjíríà pàápàá, ọdún 2016 ló bẹ̀rẹ̀ tirẹ̀ ní Jos.

Èkejì ni íntánẹ́ẹ̀tì orí fóònù, òun sì ni ìjà yìí dá lé. Okùn abẹ́ òkun tí wọ́n ń pè ní SAT-3 dé Kútọnu ní 2002. Lónìí, MTN, Moov àti Celtiis ló ń ta dátà fún aráàlú, Starlink tó ń gba ojú ọ̀run sì wọlé ní oṣù kọkànlá 2023. Ní 14 oṣù kẹta 2024, àwọn okùn mélòó kan bàjẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà lábẹ́ òkun nítòsí Abidjan, íntánẹ́ẹ̀tì sì ń ṣe ségesège káàkiri Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà, Benin náà wà níbẹ̀.

Ìyàtọ̀ méjèèjì ju ti ẹ̀rọ lọ. Ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n wà nínú ìlú: HAAC, àjọ tó ń ṣọ́ rédíò àti tẹlifíṣọ̀n, lè pè é, BUBEDRA tó ń gba owó ẹ̀tọ́ fún àwọn oníṣẹ́ ọnà sì lè ránṣẹ́ sí i pé kó wá san gbèsè. Ilé iṣẹ́ tó ni ìkànnì orí fóònù wà ní òkè òkun. Kò sí ọ́fíìsì kankan ní Kútọnu tí olórin lè lọ jókòó sí títí wọn á fi dá a lóhùn.

Kí ló bí àwọn ọ̀dọ́ nínú ní 2018?

Ní 25 oṣù keje 2018, ìjọba Ààrẹ Patrice Talon fọwọ́ sí àṣẹ kan tó bu owó lé lílo WhatsApp, Facebook àti àwọn ìkànnì bẹ́ẹ̀: FCFA 5 lórí mẹ́gábáìtì kan. Wọ́n tún fi ìdá 5 nínú 100 kún owó ìpè, àtẹ̀jíṣẹ́ àti íntánẹ́ẹ̀tì.

Lójú ẹni tí kò bá ṣírò, FCFA 5 kò tó nǹkan. Ẹ jẹ́ ká ṣe é. Fídíò ìgbéyàwó kan tí wọ́n fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp, tó bá jẹ́ mẹ́gábáìtì 20, FCFA 100 ni owó orí rẹ̀, kí ilé iṣẹ́ tó ń ta dátà tó gba tiwọn. Gígábáìtì kan á lé ní FCFA 5,000. Owó oṣù tó kéré jù lọ tí òfin fọwọ́ sí nígbà náà jẹ́ FCFA 40,000. Ìdá kan nínú mẹ́jọ owó oṣù ẹni ló máa lọ sórí gígábáìtì kan, owó orí nìkan o.

Nígbà tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nínú oṣù kẹsàn-án, àwọn èèyàn fárí gá. #TaxePasMesMo ni wọ́n fi ń pariwo, pé kí wọ́n má ṣe gba owó orí lórí mẹ́gà àwọn. Ìjọba fa á padà láàrin ọjọ́ díẹ̀. Uganda gbé irú rẹ̀ jáde ní oṣù keje ọdún kan náà, 200 ṣílè lójúmọ́, èyí tó fi hàn pé kì í ṣe Benin nìkan ni èrò náà wà lọ́kàn rẹ̀.

Àwọn tó gbe ìjọba lẹ́yìn ní àwọn ilé iṣẹ́ òkè òkun ń kówó lórí àwọn èèyàn Benin láìsan kọ́bọ̀ sápò ìjọba, pé ó sì yẹ kí owó kan wá láti ibẹ̀. Àwọn tó tako ó kò jiyàn pé ọ̀rọ̀ náà rí bẹ́ẹ̀. Ohun tí wọ́n sọ ni pé owó orí náà kò kan ilé iṣẹ́ òkè òkun rárá, ọmọ ilé ìwé àti ìyá ọlọ́jà tó ń ra dátà ló kàn. Lójú ẹni tó kọ èyí, ìbéèrè àkọ́kọ́ tọ́, ẹni tí wọ́n bi í ni kò tọ́.

Ọ̀rọ̀ míì tún wà tí àwọn olórin kì í gbàgbé. Ní 28 oṣù kẹrin 2019, ọjọ́ ìdìbò àwọn aṣòfin, íntánẹ́ẹ̀tì lọ ní gbogbo Benin. Ẹni tó bá ti gbé gbogbo ìgbésí ayé iṣẹ́ rẹ̀ sórí fóònù, ọjọ́ bẹ́ẹ̀ ló ń mọ̀ pé kọ́kọ́rọ́ ṣọ́ọ̀bù òun wà lọ́wọ́ ẹlòmíì.

Bí mílíọ̀nù èèyàn bá wo fídíò olórin Benin, ta ló gba owó?

Ìbéèrè yìí ló gbòǹgbò jù nínú gbogbo rẹ̀, òun sì ni wọ́n kì í fẹ́ fara balẹ̀ sọ.

YouTube ń ta ìpolówó ọjà, ó sì ń pín owó rẹ̀ pẹ̀lú ẹni tó ni fídíò, bí ẹni náà bá wà ní orílẹ̀-èdè tí orúkọ rẹ̀ wà nínú ètò náà. Nàìjíríà wà níbẹ̀. Gánà wà níbẹ̀. Sẹ̀nẹ̀gà wà níbẹ̀. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, orúkọ Benin kò sí níbẹ̀. Ìyẹn ni pé olórin kan ní Kútọnu lè gbé fídíò jáde, kí ayé wò ó, kí ìpolówó ọjà máa jáde níwájú rẹ̀, kí ó má sì lè so àkáǹtì báńkì tirẹ̀ mọ́ ọn. Ohun tí wọ́n máa ń ṣe ni pé wọ́n á wá ẹbí tó wà ní Faransé, tàbí ọ̀rẹ́ ní Èkó tàbí Dakar, kí ó fi orúkọ tirẹ̀ ṣí ìkànnì náà. Bí ìfẹ́ bá ṣì wà láàrin wọn, owó á dé. Bí ó bá tú, ẹni tí orúkọ rẹ̀ wà lórí àkáǹtì ló ni ìkànnì, orin pẹ̀lú àwọn òǹwòran rẹ̀ á sì bá a lọ.

TikTok kò sàn jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ètò tó fi ń sanwó fún fídíò tó bá ju ìṣẹ́jú kan lọ bẹ̀rẹ̀ ní 2023 pẹ̀lú Amẹ́ríkà, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Jámánì, Faransé, Japan, South Korea àti Brazil. Kò sí orílẹ̀-èdè Áfíríkà kankan nínú wọn.

Spotify dé Benin àti Togo ní oṣù kejì 2021, nígbà tó wọ orílẹ̀-èdè tó lé ní 80 lẹ́ẹ̀kan náà. Ó ń sanwó lóòótọ́, ṣùgbọ́n owó tí àwọn tó ń gbọ́ orin ń san lóṣù kò dọ́gba láti orílẹ̀-èdè kan sí òmíràn, nítorí náà ẹni tó gbọ́ orin ní Paris ń mú owó wá ju ẹni tó gbọ́ ọ ní Parakou lọ. Láti 2024 pẹ̀lú, orin tí wọn kò bá gbọ́ tó ìgbà 1,000 láàrin oṣù 12 kò ní gba kọ́bọ̀. Ẹni tó bá ń kọrin ní èdè ńlá kò ní mọ̀ pé irú òfin bẹ́ẹ̀ wà. Ẹni tó gba orin ìbílẹ̀ abúlé rẹ̀ sílẹ̀, tó ń gbé e sí orí ìkànnì ní orin mẹ́wàá mẹ́wàá, òun gan-an ni òfin náà bá.

Níbo wá ni owó ti ń wọlé? Ilé iṣẹ́ fóònù ń ta orin tó máa ń dún sétí ẹni tó ń peni kéèyàn tó gbé ìpè, wọ́n sì ń pín in láàrin ara wọn, alágbàtà àti olórin. BUBEDRA ń gba owó lọ́wọ́ rédíò, tẹlifíṣọ̀n, òtẹ́ẹ̀lì àti ilé ọtí, ó sì ń pín in gẹ́gẹ́ bí òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọnà ti 2006 ṣe sọ. Ṣùgbọ́n owó tó jọjú fún ọ̀pọ̀ olórin ṣì wà níbi tó wà tẹ́lẹ̀: òkú ṣíṣe, ìgbéyàwó, ìsọmọlórúkọ. Fóònù ló ń polówó, òde àríyá ló ń sanwó. Apanilẹ́rìn-ín tó gbajúmọ̀ lórí Facebook, ọjọ́ tí ilé iṣẹ́ ọṣẹ tàbí ti oúnjẹ bá ní kó wá polówó ọjà àwọn ni iṣẹ́ rẹ̀ ń di owó. Èyí ni wọ́n kì í rí nígbà tí wọ́n bá ń sọ pé íntánẹ́ẹ̀tì ti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ agbo. Agbo ló ṣì ń bọ́ íntánẹ́ẹ̀tì.

Ẹnìkan á ní, Angélique Kidjo ńkọ́? Ouidah ni wọ́n bí i sí ní 1960, ó ń kọrin ní Fọ̀n àti Yorùbá, ó sì ti gba Grammy márùn-ún. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ó ti kúrò ní Benin láti 1983, láti Paris ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í lókìkí. Ìtàn rẹ̀ ń fi hàn pé orin Benin lè dé ibi gbogbo. Kò fi hàn pé owó rẹ̀ lè gba Benin wọlé.

Ṣé fídíò ń ba Gẹ̀lẹ̀dẹ́ jẹ́ ni?

Àwọn àgbà ní ojú tó bá ti rí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti dé òpin ìran. Ní 2001, UNESCO kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ gẹ́gẹ́ bí ogún gbogbo ayé lórúkọ Benin, Nàìjíríà àti Togo, wọ́n sì kọ ọ́ sínú ìwé àkọsílẹ̀ wọn ní 2008. Kétu ni ọ̀pọ̀ ìtàn sọ pé ó ti wá. Ìyá Ńlá ni wọ́n ń fi bu ọlá fún, àti agbára àwọn ìyá. Wọ́n ń ṣe é lẹ́yìn ìkórè, wọ́n ń ṣe é nígbà ọ̀dá tàbí àjàkálẹ̀ àrùn. Ọkùnrin ló ń jó, ṣùgbọ́n ọkùnrin àti obìnrin ló jọ ń darí ẹgbẹ́ náà.

UNESCO fúnra wọn sọ nǹkan méjì tó ń wu ú léwu: ìlọsíwájú ẹ̀rọ tó ń jẹ́ kí ìmọ̀ iṣẹ́ náà máa dínkù, àti ìrìn-àjò afẹ́ tó ń sọ ọ́ di eré ìtajà. Àwọn tó bẹ̀rù fóònù máa ń tọ́ka sí èyí. Wọ́n ní Ẹ̀fẹ̀, ìyẹn orin alẹ́ Gẹ̀lẹ̀dẹ́ tí wọ́n ń kọ láti òru dàárọ̀, fídíò ìṣẹ́jú kan kò lè gbé e, pé ohun tí ọmọdé máa mọ̀ ni ijó àti ẹ̀rín, kò ní mọ orin. Wọ́n tún ní àwọn ohun kan wà tí kò yẹ kí gbogbo ojú rí. Ti Orò kò tiẹ̀ ní àríyànjiyàn nínú: èèwọ̀ ni kí obìnrin rí i, fóònù kò sì mọ ọkùnrin yàtọ̀ sí obìnrin.

Àwọn tó wà lódìkejì ní ẹ wo orí àwọn agọ̀ náà. Tipẹ́tipẹ́ ni àwọn agbẹ́gilére ti ń gbẹ́ alùpùpù, ẹ̀rọ ìránṣọ àti ọkọ̀ òfuurufú sórí Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Eré tó ń gbé ohun tuntun lérí, báwo ni fóònù ṣe máa bà á lẹ́rù? Wọ́n tún ní ọmọ Kétu tó wà ní Abidjan tàbí ní Libreville kò lè wálé lọ́dọọdún, fídíò ló so ó mọ́lé. Àwọn agbo kan náà tún wà tí wọ́n ń gba fídíò sílẹ̀ fún ara wọn, kí àwọn ọ̀dọ́ lè fi kọ́ ẹsẹ̀ ijó.

Ibì kan wà tí ẹ̀gbẹ́ méjèèjì kì í sábà dé, ó sì yẹ kí wọ́n débẹ̀. Alẹ́ Ẹ̀fẹ̀ ni wọ́n máa ń bú ẹni tó bá ṣe ohun tí kò dáa láàrin ìlú: olè, olójúkòkòrò, olóyè tó jẹ owó àdúgbò. Àṣà fún olórin ní ààyè láti sọ ọ́ lójú agbo, kò sì sí ẹni tó máa bá a jà nítorí rẹ̀. Ààyè yẹn, ojú agbo ló mọ. Bí ẹnìkan bá fi fóònù gbà á sílẹ̀, tó gbé e sórí Facebook, ó ti bọ́ sábẹ́ òfin íntánẹ́ẹ̀tì ti 20 oṣù kẹrin 2018, èyí tó ní ìjìyà fún ẹni tó bá fi ìkànnì bú ẹlòmíì. Orin tó dáàbò bo ìlú lálẹ́ àná lè di ẹjọ́ láàárọ̀. Ohun tí olórin bá sì ń bẹ̀rù rẹ̀, kò ní kọ ọ́ mọ́. Nínú gbogbo ohun tí wọ́n ń sọ pé fóònù ń ṣe sí Gẹ̀lẹ̀dẹ́, èyí ló yẹ ká ṣọ́ jù.

Kí ni ọwọ́ ìjọba nínú rẹ̀?

Ọwọ́ méjì ni. Ọwọ́ kan ń nawọ́ pè é. Vodun Days wà fún ìrìn-àjò afẹ́, bẹ́ẹ̀ náà ni àjọ̀dún àwọn eégún àti agọ̀ tó bẹ̀rẹ̀ ní Àjàṣẹ́ ní oṣù kẹjọ 2024. Fídíò orí fóònù ni ìpolówó rẹ̀ tó rọrùn jù. Àwọn tó fẹ́ràn èyí ní owó ń wọ ìlú, ilé ìtura ń kún, ọ̀dọ́ tó ń sá fún eégún ti ń fẹ́ gbé e. Àwọn tí kò fẹ́ràn rẹ̀ ní ọjọ́ ìjọba ni wọ́n ń bọ òrìṣà báyìí, kì í ṣe ọjọ́ òrìṣà.

Ọwọ́ kejì ń dí ọ̀nà. Òfin ìròyìn ti 2015 ní ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ gbé ìròyìn tàbí ètò bíi ti tẹlifíṣọ̀n jáde lórí íntánẹ́ẹ̀tì gbọ́dọ̀ gba àṣẹ lọ́wọ́ HAAC. Ní 7 oṣù keje 2020, HAAC pàṣẹ pé kí gbogbo ìkànnì ìròyìn tí kò ní ìwé àṣẹ dẹ́kun iṣẹ́. Ìkànnì ìròyìn ni wọ́n dojú kọ, ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà ni àwọn tó ń ṣe eré orí YouTube ti ń béèrè ibi tí ààlà wà láàrin ẹni tó ń pa èèyàn lẹ́rìn-ín àti ẹni tó dá tẹlifíṣọ̀n sílẹ̀.

Kí ló kan àwa tó ń sọ Yorùbá nínú rẹ̀?

Ààlà Sèmè kò gé èdè. Láti Àjàṣẹ́ lọ sí Ṣakété, Pọ̀bẹ̀, Kétu títí dé Sábẹ̀ẹ́, Yorùbá ni wọ́n ń sọ. Nígbà tí ọjà síídì wó ní Alábà, tí àwọn onítíátà Yorùbá kó fíìmù wọn lọ sórí YouTube, àwọn ará Kétu àti Pọ̀bẹ̀ bá wọn lọ. Wọ́n ń wò ó, iye wọn sì ń kún iye àwọn òǹwòran tó ń mú owó wá fún olóòtú ní Èkó. Àǹfààní ni fún èdè náà, kò sí iyèméjì. Ṣùgbọ́n ọmọ tó dàgbà ní Kétu lónìí lè ti gbọ́ Yorùbá Èkó fún ẹgbẹ̀rún wákàtí lórí fóònù kó tó gbọ́ ẹyọ eré kan ní ẹ̀ka èdè ìlú tirẹ̀, ẹni tó sì fẹ́ ṣe irú eré bẹ́ẹ̀ ní Kétu, dátà ló máa fi owó ara rẹ̀ rà, àkáǹtì ẹlòmíì ló máa lò.

Orúkọ Kétu dé Bahia ní Brazil pẹ̀lú, níbi tí ọ̀wọ́ kan nínú ẹ̀sìn òrìṣà tí wọ́n ń pè ní Candomblé ti ń pe ara rẹ̀ ní Ketu títí di òní. Olórin Ẹ̀fẹ̀ kan ní Kétu ní àwọn tó máa gbọ́ ọ ní Salvador, ní London, ní Houston. Ohun tó kù tí àwọn oníṣẹ́ ọnà Benin ń béèrè kò le láti sọ: kí àwọn ìkànnì ńlá fi orúkọ orílẹ̀-èdè wọn sínú ètò tí wọ́n fi ń sanwó, kí BUBEDRA bá àwọn ìkànnì náà ṣe àdéhùn bó ṣe ń bá rédíò ṣe, kí owó dátà sì jẹ́ èyí tí agbára ẹni tó ń gba owó oṣù tó kéré jù máa ká, owó oṣù tó ti di FCFA 52,000 láti 2023. Èyí tó kẹ́yìn nìkan ni ìjọba lè ṣe láti Kútọnu. Àwọn yòókù, Dublin àti California, níbi tí ọ́fíìsì àwọn ilé iṣẹ́ ìkànnì wà, ni wọ́n ti máa pinnu wọn, ó sì ṣòro fún orílẹ̀-èdè kan tí èèyàn rẹ̀ kò pọ̀ láti fipá mú wọn jókòó. Ìdí nìyẹn tí àwọn kan fi ń sọ pé kí gbogbo orílẹ̀-èdè tó ń ná FCFA jọ fi ẹnu kan bá wọn sọ̀rọ̀.